Ìwé Owó Ilé Tó Pòórá

Òòlù ti jẹ àgádágodo náà lára gan-an. Ó wà lórí tábìlì Ìnsípẹ́kítọ̀ Wòsílátù Àjàsá láàárọ̀ ọjọ́ Ajé, nínú ọ̀rá funfun tí wọ́n kọ nọ́ńbà sí, obìnrin náà sì ti yí i síwá, ó ti yí i sẹ́yìn tó ìgbà mẹ́wàá láìsọ nǹkan kan.

Kọ́púrà Fawas tó dúró níwájú rẹ̀ ti ròyìn tirẹ̀ tán. Lọ́sàn-án Sátidé, ẹnì kan wọ ilé tíṣà kan tó ń jẹ́ Báyọ̀dé Fámúrewá ní Ìṣẹ̀rí-Olófin, ó fọ́ àgádágodo àpótí irin tó wà nínú yàrá, ó sì gbé fáìlì ìwé owó ilé tí wọ́n yá ní báǹkì lọ. Ìyàwó tíṣà náà, Olúfúnmiláyọ̀, tó jẹ́ nọ́ọ̀sì, ló wá fẹjọ́ sùn. Nígbà tí wọ́n bi í bóyá ó fura sí ẹnikẹ́ni, ó ní ta ni ì bá tún jẹ́ bí kò ṣe Bàbá Hàrúnà tí fẹ́ǹsì pààlà láàárín àwọn, ẹni tó ti ń bá àwọn fa ọ̀rọ̀ ilẹ̀ bọ̀ láti ọjọ́ pípẹ́. Aládùúgbò kan sì rí bàbá náà lọ́sàn-án ọjọ́ yẹn gan-an lẹ́bàá fẹ́ǹsì, pẹ̀lú irin gbọọrọ lọ́wọ́. Fawas ò fi àkókò ṣòfò. Kí oòrùn tó wọ̀, ó ti mú bàbá ẹni ọdún méjìdínláàádọ́rin náà wá sí tésàn.

"Lójú tèmi, ẹjọ́ ti parí, Màdáámù," ni Fawas wí.

Wòsílátù ṣì ń wo àgádágodo náà. Ó ti lo ọdún mọ́kànlélógún nínú iṣẹ́ ọlọ́pàá. Obìnrin pẹ́lẹ́ńgẹ́ ni, ohùn rẹ̀ kì í sókè, ẹni tó bá kọ́kọ́ rí i á rò pé akọ̀wé ni. Ṣùgbọ́n láti Ìdímù dé Ìgàndó, àwọn tó mọ̀ ọ́n mọ̀ pé bó bá ti dákẹ́ tó ń wo nǹkan báyìí, ọ̀rọ̀ ti fẹ́ yíwọ́ mọ́ ẹnì kan lọ́wọ́.

"Fawas, wo ìkọ́ rẹ̀ yìí. Ṣé ó tẹ̀?"

"Kò tẹ̀, Màdáámù."

"Ti kọ́kọ́rọ́ ìyàwó tíṣà bọ̀ ọ́, kí o yí i."

Fawas yí i. Kọ́kọ́rọ́ náà yí wẹ́rẹ́, bí ẹni pé àná ni wọ́n rà á lọ́jà.

Wòsílátù wá ṣàlàyé fún un. Bí ènìyàn bá fi òòlù já àgádágodo tó wà ní títì, ìkọ́ rẹ̀ ló máa ń kọ́kọ́ tẹ̀, tàbí kí inú rẹ̀ dàrú tí kọ́kọ́rọ́ ò fi ní yí mọ́. Ti eléyìí ò rí bẹ́ẹ̀. Ojú kan ṣoṣo ni gbogbo àpá òòlù wà, eruku sìmẹ́ǹtì sì lẹ̀ mọ́ ojú kejì. Kọ́kọ́rọ́ ni wọ́n fi ṣí i. Ìgbà tí wọ́n ṣí i tán ni wọ́n tó tẹ́ ẹ sílẹ̀ẹ́lẹ̀, tí wọ́n wá ń lù ú, kí ẹni tó bá rí i lè pariwo olè.

Fawas họ orí. Ó ní kọ́kọ́rọ́ méjì ló wà: ọ̀kan lọ́wọ́ ìyàwó, ọ̀kan lọ́wọ́ ọkọ, ọkọ sì sọ pé ara ìṣó ẹ̀yìn ìlẹ̀kùn ni òun máa ń fi tòun kọ́ sí. Ẹni tó bá ti lè wọlé lè mú u níbẹ̀.

"Ó lè rí bẹ́ẹ̀," ni Wòsílátù wí. "Lọ mú bàbá náà wá."

*

Ńṣe ni Bàbá Hàrúnà ń wọ́ ẹsẹ̀ bọ̀. Ẹsẹ̀ rẹ̀ méjèèjì ti wú láti òru méjì tó ti fi jókòó lórí sìmẹ́ǹtì. Oògùn ẹ̀jẹ̀ ríru tí ọmọ rẹ̀ obìnrin gbé wá wà nínú àpò bùbá rẹ̀, ó sì fún abọ́ oúnjẹ kan mọ́ abíyá. Wòsílátù dìde fún un, ó fún un ní àga, ó sì ní kí wọ́n bu omi tútù wá.

Ọmọ onílẹ̀ ni bàbá náà, Àwórì ni, kò sì fi ìjà tó wà láàárín òun àti tíṣà pa mọ́. Ó ní nígbà tí wọ́n ń mọ fẹ́ǹsì ẹ́sítéètì yẹn, wọ́n jẹ ẹsẹ̀ bàtà mẹ́rin wọnú ilẹ̀ bàbá òun. Ó ní òun ti sọ ọ́ ní ìpàdé àdúgbò, òun ti sọ ọ́ níwájú báálẹ̀, bí adájọ́ bá pe òun lọ́la, òun á tún sọ ọ́. Ní ti irin, gọ́tà ni òun fi ń la. Òjò ọjọ́ Jímọ̀ ti fi ẹrẹ̀ dí i, omi sì ti ń wọ ọ̀dẹ̀dẹ̀ òun. Ẹrẹ̀ náà ṣì wà lára irin náà, ẹni tó mú òun ni kò wò ó.

Fawas wolẹ̀.

"Ọ̀gá, ẹ jẹ́ kí n bi yín ní nǹkan kan," ni bàbá náà wí. "Ìwé ilẹ̀ wọn ò sí nínú ilé yẹn. Ọwọ́ báǹkì ló wà títí wọ́n á fi san gbèsè wọn tán, kò sẹ́ni tí ò mọ̀ ládùúgbò. Kí ni màá wá fi ìwé gbèsè ẹlòmíràn ṣe?"

Wòsílátù mọ̀ pé òótọ́ ọ̀rọ̀ ni. Ẹni tó bá ń jà sí ilẹ̀, ìwé ilẹ̀ ló máa jí. Ó bi bàbá náà bóyá ó rí ẹnikẹ́ni tó wọ ilé náà lọ́sẹ̀ tó kọjá. Bàbá rántí ọ̀kan: Sùrájù, éjẹ́ńtì tó ń bá wọn ta ilé ní Ìdímù. Ọ̀sán ọjọ́ Jímọ̀ ló dé tòun ti báàgì ìwé, tíṣà sì mú un yí gbogbo ilé ká. Ojú Fawas tún là. Ó ní àwọn éjẹ́ńtì ni wọ́n máa ń ta ilé kan fún ẹni méjì, pé irú ìwé bẹ́ẹ̀ wúlò fún wọn dáadáa.

Nígbà tí bàbá náà fẹ́ dìde, ojú Wòsílátù bọ́ sí abọ́ tó fún mọ́ abíyá. Ó béèrè bóyá ilé ni wọ́n ti gbé e wá.

"Rárá o. Tíṣà ló gbé e wá," ni bàbá náà wí. "Ó gbé e wá lánàá, ó tún gbé e wá láàárọ̀ yìí. Ṣùgbọ́n kò lè wojú mi."

Lẹ́yìn tí bàbá ti jáde, Fawas ní onígbàgbọ́ rere ni tíṣà náà jàre.

"Ó ṣeé ṣe," ni Wòsílátù wí. "Àmọ́ mi ò tíì rí ẹni tí wọ́n jà lólè rí tó ń se ìrẹsì fún olè."

Ó pàṣẹ pé kí wọ́n má ṣe dá bàbá padà sí àtìmọ́lé. Kí wọ́n fi í sórí bẹ́ǹṣì níwájú, níbi tí fáànù ti ń fẹ́, títí òun yóò fi dé.

*

Ilé Fámúrewá ò tóbi. Yàrá mẹ́ta ni pẹ̀lú pálọ̀ kan, igi ìbẹ́pẹ méjì sì wà lẹ́yìnkùlé. Ní ọ̀dẹ̀dẹ̀, garawa ọ̀dà méjì jókòó tí wọn ò tíì ṣí. Olúfúnmiláyọ̀ ní iwájú ilé ni àwọn fẹ́ fi kùn, nítorí oṣù yìí ni àwọn san owó tó gbẹ̀yìn.

Obìnrin náà ṣì wọ aṣọ nọ́ọ̀sì. Bó ti ń fi àpótí han Wòsílátù ló ń ròyìn, ọ̀rọ̀ sì ń tú jáde lẹ́nu rẹ̀ bí ẹni tó ti ń tọ́jú u pa mọ́. Ó ní ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dógún gbáko ni àwọn fi san owó ilé náà. Ẹgbẹ̀rún mẹ́rìndínlọ́gọ́ta náírà ni lóṣooṣù, òun ń mú ọgbọ̀n wá, ọkọ òun ń fi tirẹ̀ kún un, ó sì ń san án sí báǹkì. Kò sí oṣù tí òun jẹ́ kó fò. Lọ́dún kan tí wọn ò san owó oṣù déédéé, ẹsẹ̀ ni òun fi ń rìn láti Ìdímù wá sílé kí owó ọkọ̀ lè wọnú owó ilé. Ní Ọjọ́bọ̀ ni òun sọ fún ọkọ òun pé kó bá òun yọ fáìlì náà síta. Òun fẹ́ gbé e lọ sí iwájú pẹpẹ lọ́jọ́ Àìkú láti dúpẹ́, kí àwọn méjèèjì sì gbé e lọ sí báǹkì lọ́jọ́ Ajé láti gba ìwé ilẹ̀. Òun dé láti ibi iṣẹ́ lọ́jọ́ Sátidé ní aago mẹ́rin, òun bá àpótí ní ṣíṣí.

Wòsílátù wo inú àpótí. Ọgọ́rin ẹgbẹ̀rún náírà owó àjọ wà níbẹ̀ nínú àpò ìwé. Yẹtí wúrà méjì wà níbẹ̀. Olè ò fọwọ́ kan ọ̀kankan. Ó bẹ̀rẹ̀, ó wo ilẹ̀. Lẹ́gbẹ̀ẹ́ àpótí, sìmẹ́ǹtì ti hó lójú mẹ́ta tàbí mẹ́rin, ní ibi kan tí kò ju àtẹ́lẹwọ́ lọ. Ara àpótí fúnra rẹ̀ ò ní àpá òòlù kankan.

Báyọ̀dé dúró lẹ́nu ọ̀nà yàrá ní gbogbo àkókò yìí. Ọmọ Ìkọ̀lé-Èkìtì ni, ó ga, irun rẹ̀ ti funfun, oṣù méjì ló sì kù kó fẹ̀yìntì. Ó dáhùn gbogbo ìbéèrè ní sókí. Ó ní òun wà níléèwé lọ́jọ́ Sátidé, òun ń kọ́ àwọn tó fẹ́ ṣèdánwò títí di aago kan. Òun délé ní aago méjì, òun ò sì wọ yàrá. Kò béèrè ìgbà tí ọwọ́ máa tẹ olè, bẹ́ẹ̀ ni kò béèrè bóyá wọ́n á rí fáìlì náà. Ohun kan ṣoṣo ló bi Wòsílátù, ìgbà tí ìyàwó rẹ̀ lọ bu omi wá ló sì tó bi í.

"Ṣé Bàbá ti lo oògùn wọn?"

"Wọ́n ti lò ó," ni Wòsílátù dáhùn, ó sì wò ó lójú. Báyọ̀dé gbé ojú kúrò.

Nínú mọ́tò, Fawas béèrè ibi tó kàn. Wòsílátù ní òun mọ ọwọ́ tó lu àgádágodo náà. Ìdí rẹ̀ ni kò tíì yé òun. Kí ló lè mú kí ènìyàn jí ìwé ara rẹ̀ gbé nígbà tí gbèsè rẹ̀ ti tán? Bí òun bá fi ẹ̀sùn kàn án láìmọ ìdí, á sẹ́, ìyàwó rẹ̀ á gbè é lẹ́sẹ̀, bàbá arúgbó yẹn ló sì máa wà lórí bẹ́ǹṣì.

*

Ṣọ́ọ̀bù Sùrájù wà lójú títì ní Ìdímù, páálí "Ilé Tà, Ilẹ̀ Tà" sì wà níwájú rẹ̀. Ó kọ́kọ́ sọ pé òun ò dé Ìṣẹ̀rí-Olófin láti oṣù tó kọjá. Wòsílátù ò bá a jiyàn. Ó kàn sọ ọjọ́ tó lọ fún un, ó sọ irú báàgì tó gbé, ó sì sọ ẹni tó mú un yí ilé ká. Sùrájù bá jókòó.

Ó bẹ̀rẹ̀ sí í bẹ̀bẹ̀. Ó ní òun ò jí nǹkan kan, tíṣà ló pe òun lórí fóònù, ó sì mú kí òun ṣèlérí pé òun ò ní jẹ́ kí ìyàwó rẹ̀ gbọ́.

"Kí ló ní kí o wá ṣe?"

"Ó ní kí n bá òun dá iye lé ilé náà, Màdáámù. Ó ní èló ló lè tà bó ṣe wà yẹn, pẹ̀lú gbèsè báǹkì lórí ẹ̀. Mo ní gbèsè wo, ṣebí ìyàwó yín ń sọ kiri pé ẹ ti san án tán. Ó ní kí n ṣáà dá iye lé e."

Ara Fawas ti yá láti fi ṣẹ́kẹ́ṣẹkẹ̀ mú un, ṣùgbọ́n Wòsílátù ti dìde. Nínú mọ́tò ni ó tó sọ̀rọ̀, kò sì jọ pé Fawas ló ń bá sọ ọ́. Ó ní ọkùnrin tí ìyàwó rẹ̀ ń ra ọ̀dà láti kun ilé, òun ń wá ẹni tó máa ra ilé náà. Ìyàwó gbà pé gbèsè ti tán. Ọkọ mọ̀ pé kò tán. Ohun tó wà láàárín àwọn méjèèjì ló wà nínú fáìlì yẹn.

*

Báǹkì tó yá wọn lówó wà ní Ẹ̀gbẹ́dá. Ọmọbìnrin tó ń bójú tó ìwé àwọn oníbàárà, tí orúkọ rẹ̀ ń jẹ́ Happiness, gba lẹ́tà ọlọ́pàá lọ́wọ́ wọn, ó lọ fi han ọ̀gá rẹ̀, lẹ́yìn náà ló wá yí ojú kọ̀ǹpútà sí Wòsílátù.

Wòsílátù béèrè bóyá Báyọ̀dé Fámúrewá ti san owó rẹ̀ tán. Happiness mi orí. Ọdún méje ló kù.

Ọmọbìnrin náà fi sùúrù ṣàlàyé rẹ̀. Lọ́dún 2010, mílíọ̀nù mẹ́rin ni tíṣà yá, ó sì gbà láti san án fún ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dógún, pẹ̀lú èlé náírà mẹ́ẹ̀ẹ́dógún lórí ọgọ́rùn-ún lọ́dún. Nínú ẹgbẹ̀rún mẹ́rìndínlọ́gọ́ta tó san lóṣù àkọ́kọ́, ẹgbẹ̀rún àádọ́ta ló jẹ́ èlé. Ẹgbẹ̀rún mẹ́fà péré ló lọ sórí owó tó yá. Bó ṣe máa ń rí ní ìbẹ̀rẹ̀ nìyẹn: ọ̀pọ̀ ọdún ni èlé fi ń jẹ owó náà kí ojú owó tó bẹ̀rẹ̀ sí í dín dáadáa. Nígbà tó fi máa di ọdún keje, ohun tó ti san ku díẹ̀ kó pé mílíọ̀nù márùn-ún, síbẹ̀ ó ṣì jẹ gbèsè tó lé ní mílíọ̀nù mẹ́ta.

Fawas ní kó tún un sọ. Ó tún un sọ.

Lọ́dún keje yẹn, èlé gbówó lórí káàkiri, báǹkì sì gbé ti tíṣà lọ sí méjìlélógún. Ó wà nínú ìwé tó fọwọ́ sí, lójú ewé kẹfà, pé èlé lè yí padà. Èlé oṣù kan ṣoṣo wá ju gbogbo owó tó ń san lóṣù lọ. Bó bá ń san iye tó ń san tẹ́lẹ̀, ńṣe ni gbèsè náà á máa wú. Báǹkì gbé ọ̀nà méjì síwájú rẹ̀. Ó lè máa san ẹgbẹ̀rún mọ́kàndínláàádọ́rin lóṣù kó sì parí lọ́jọ́ tí wọ́n ti dá tẹ́lẹ̀. Tàbí kó máa san nǹkan bí ọgọ́ta ẹgbẹ̀rún, kí wọ́n sì bẹ̀rẹ̀ ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dógún mìíràn láti ọjọ́ yẹn.

"Ó mú èyí tó kéré," ni Wòsílátù wí.

"Wọ́n máa ń mú u, Màdáámù. Gbogbo ẹni tó jókòó síbi tí ẹ jókòó sí yìí, nǹkan kan náà ni wọ́n ń bi mí: èló ni màá máa san lóṣù? Kò tíì sẹ́ni tó bi mí rí pé tí mo bá san án tán, èló ni gbogbo rẹ̀ máa jẹ́."

Wòsílátù yọ bírò. Ó ti ń háyà yàrá méjì ní Ìdímù láti ọdún mẹ́tàlá, ó sì pẹ́ tó ti ń jowú àwọn tó rí báǹkì yá wọn lówó ilé. Ó ṣírò rẹ̀ sí ẹ̀yìn ìwé tí wọ́n tẹ̀ fún un, ó sì tún un ṣírò torí kò gba ojú ara rẹ̀ gbọ́. Ní ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dógún, tọkọtaya náà ti san mílíọ̀nù mẹ́wàá ó lé irinwó ẹgbẹ̀rún lórí mílíọ̀nù mẹ́rin. Wọ́n ṣì jẹ mílíọ̀nù méjì àti ààbọ̀. Bí wọ́n bá ń san án díẹ̀díẹ̀ fún ọdún méje tó kù, mílíọ̀nù márùn-ún mìíràn ló máa bá a lọ. Ẹgbẹ̀rún mẹ́wàá tí tíṣà fi dín owó oṣù kù lọ́jọ́ yẹn ti sọ ara rẹ̀ di mílíọ̀nù mẹ́rin.

Ó béèrè ibi tí wọ́n ń fi lẹ́tà ránṣẹ́ sí. Happiness wò ó. Iléèwé tíṣà ni, láti ọdún keje yẹn. Òun fúnra rẹ̀ ló wá kọ̀wé pé kí wọ́n má fi ránṣẹ́ sílé mọ́.

*

Aago mẹ́rin ọ̀sán ni wọ́n padà dé Ìṣẹ̀rí-Olófin. Wòsílátù ní kí ọkọ àti ìyàwó jókòó sí pálọ̀. Ó sọ fún Báyọ̀dé pé bó bá ní ọ̀rọ̀ kan láti sọ, kó sọ ọ́ kí òun tó sọ tòun. Ọkùnrin náà wo ọwọ́ ara rẹ̀.

Wòsílátù bá bẹ̀rẹ̀. Ó sọ̀rọ̀ àgádágodo tí wọ́n ti ṣí kí wọ́n tó lù ú. Ó sọ̀rọ̀ ilẹ̀ yàrá tó hó, owó àti wúrà tí olè fi sílẹ̀. Ó sọ̀rọ̀ oúnjẹ tí ẹnì kan ń gbé lọ fún ẹni tó yẹ kó jẹ́ ọ̀tá rẹ̀. Ìyàwó kọ́kọ́ ń fetí sí i bí ẹni tó fẹ́ mọ orúkọ olè. Nígbà tó dórí Sùrájù, ó yíjú sí ọkọ rẹ̀, kò sì gbé ojú kúrò mọ́.

"Ẹ̀yin lẹ gbé e, Tíṣà," ni Wòsílátù wí. "Ẹ ò fẹ́ kí wọ́n ka ohun tó wà nínú rẹ̀."

Báyọ̀dé yíjú sí ìyàwó rẹ̀.

"Ọdún méje ló kù, Ìyá Fẹ́kọ́mi."

"Ọdún méje kí ni?"

"Owó ilé."

Ó wá sọ gbogbo rẹ̀. Fáìlì wà níléèwé, nínú kọ́bọ́ọ̀dù rẹ̀, lábẹ́ ìwé ìdánwò àtijọ́. Ó ní nígbà tí báǹkì pe òun lọ́jọ́sí, Fẹ́kọ́mi ọmọ wọn ṣẹ̀ṣẹ̀ wọ yunifásítì, òun sì ti fi ilé náà yangàn níwájú àwọn àna òun ní Ìkọ̀lé. Òun ò lè dé ọ̀dọ̀ ìyàwó òun kí òun ní kó tún mú owó wá. Òun rò pé ìgbéga máa dé, òun á sì dá a san lẹ́ẹ̀kan. Ìgbéga ò dé. Ọdún ń gorí ọdún, bí obìnrin náà sì ti ń ka oṣù tó kù ni ọ̀rọ̀ náà ń wúwo sí i lẹ́nu òun. Ní Ọjọ́bọ̀ tó ní kí òun yọ fáìlì síta, òun ò sùn. Òun ò ní in lọ́kàn láti ṣe Bàbá Hàrúnà ní ibi. Ẹ̀yìn ìyàwó òun ni òun dúró sí ní tésàn nígbà tó dárúkọ bàbá. Òun la ẹnu, ohùn ò jáde.

Wòsílátù sọ fún un pé ohun tí kò jáde yẹn ti fi arúgbó sórí sìmẹ́ǹtì fún òru méjì. Ó ní lọ́la, yóò wá sí tésàn láti kọ ohun tó ṣe sílẹ̀, nítorí ẹ̀ṣẹ̀ ni lábẹ́ òfin láti ṣi ọlọ́pàá lọ́nà, ọ̀gá tésàn ló sì máa pinnu ibi tó máa já sí. Báyọ̀dé gbà.

Olúfúnmiláyọ̀ ò sunkún. Ó béèrè ohun kan.

"Lọ́jọ́ tí báǹkì pè yín yẹn, èló lẹ máa fi kún un ká lè parí lásìkò?"

Wòsílátù ló dáhùn. Ó ní ìyàtọ̀ tó wà láàárín ọ̀nà méjèèjì ò tiẹ̀ pé ẹgbẹ̀rún mẹ́wàá.

"Lóṣù?"

"Lóṣù."

Obìnrin náà fi ọwọ́ pa apá àga tó jókòó lé. Ó ní lọ́dún yẹn, òun ń ṣiṣẹ́ ní ọsibítù aládàáni kan ní Ìgàndó láwọn ọjọ́ ìsinmi òun. Ẹgbẹ̀rún méjìdínlógún ni wọ́n ń san fún òun lóṣù. Òun fi dá àjọ, òun fi ra jẹnẹrétọ̀, òun sì fi ra àwọn àga tí gbogbo wọn jókòó lé yìí.

"Mo ní in," ni ó wí fún ọkọ rẹ̀. "Bàbá Fẹ́kọ́mi, ọdún yẹn, mo ní in lọ́wọ́. Ẹ̀ bá ti bi mí."

Nígbà tó ṣe, Wòsílátù sọ ohun tí Happiness sọ fún un, pé bí wọ́n bá lè kó mílíọ̀nù méjì àti ààbọ̀ náà jọ san lẹ́ẹ̀kan, bóyá nígbà tí owó ìfẹ̀yìntì bá dé, ọdún méje náà á wá sópin. Báyọ̀dé ní òun ti ń rò ó, ìdí nìyẹn tí òun tún fi pe éjẹ́ńtì, nítorí kò sẹ́ni tó mọ ìgbà tí owó ìfẹ̀yìntì máa ń jáde. Ìyàwó ò jẹ́ kó sọ ọ́ tán.

"Ìyẹn di ọ̀la," ni ó wí, ó sì ti ń wọ bàtà. "Ẹnì kan wà ní tésàn."

*

Ní tésàn, Olúfúnmiláyọ̀ fọwọ́ ara rẹ̀ kọ̀wé pé òun kó ẹ̀sùn òun kúrò. Mọ́tò ọlọ́pàá ló gbé gbogbo wọn padà sí àdúgbò nígbà tí wọ́n ń pe ìrun ìrọ̀lẹ́. Fawas di bàbá lápá mú láti sọ̀ kalẹ̀, ó sì ń bẹ̀ ẹ́ ní ohùn kékeré títí wọ́n fi dé ọ̀dẹ̀dẹ̀ rẹ̀. Bàbá gbà á. Ó ní iṣẹ́ ni Fawas ń ṣe, ṣùgbọ́n nígbà mìíràn kó máa wo irin kó tó mú ẹni tó gbé e.

Olúfúnmiláyọ̀ kúnlẹ̀ lórí ẹní. Ó ní òun ló dárúkọ rẹ̀, òun ló mú ìtìjú bá a lọ́jọ́ ogbó, kó foríjin òun. Bàbá Hàrúnà ná ẹsẹ̀ rẹ̀ tó wú sórí àpótí kékeré tí ọmọ rẹ̀ gbé sí i, ó sì gbọ́ ọ títí tó fi parí.

"Dìde, ìyàwó," ni ó wí. "Ohun tí o rò lo sọ. Kì í ṣe ìwọ lo mọ̀ tó o wá dákẹ́."

Báyọ̀dé wà lẹ́nu ọ̀nà. Kò tíì wọlé, ó dà bí ẹni tí ìloro náà ga jù fún. Nígbà tó gbọ́ ọ̀rọ̀ yẹn, ó wọlé, ó sì dọ̀bálẹ̀ gbalaja, pẹ̀lú irun funfun orí rẹ̀. Bàbá ò ní kó dìde. Ó ní òun ti jókòó sórí ilẹ̀ tútù láti Sátidé, kò sì sẹ́ni tó sọ fún òun ohun tí òun ṣe. Ó ní kó sọ ọ́ báyìí, láti ìbẹ̀rẹ̀, kó má fo ọ̀kan.

Wòsílátù ti dé ẹnu géètì, ó dúró. Olúfúnmiláyọ̀ ti dìde, ṣùgbọ́n kò lọ sẹ́gbẹ̀ẹ́ ọkọ rẹ̀. Ó jókòó sórí ẹní lẹ́gbẹ̀ẹ́ bàbá, ó kó ọwọ́ méjèèjì sórí itan, ó sì kọjú sí ọkùnrin tó wà nílẹ̀.

"Ọdún 2010 la yá owó náà, Bàbá," ni Báyọ̀dé bẹ̀rẹ̀. "Mílíọ̀nù mẹ́rin ni."